Ẹyin Ìgbín Nínú Ọgbà Ilé àti Nínú Àpótí Onígíláàsì

Inú ara ìgbín kan ṣoṣo ni akọ àti abo ti ń gbé pọ̀. Kò sí pé èyí ni ìyá, èyí ni bàbá. Ìgbín méjì tó bá pàdé ní alẹ́ òjò lè gba àtọ̀ lọ́wọ́ ara wọn, kí àwọn méjèèjì sì yé ẹyin. Àmọ́ ìyẹn ò ní kí ìgbín lè dá wà kó máa bímọ bó ṣe wù ú. Ìgbín ńlá tí àwọn ará Ìkálẹ̀ ní ìpínlẹ̀ Oǹdó ń ṣà nínú igbó, èyí tí àwọn onímọ̀ ń pè ní Archachatina marginata, nílò ẹnìkejì kí ẹyin rẹ̀ tó lè pa. Ẹni tó bá fẹ́ sìn ín nínú ilé kì í fi ẹyọ kan bẹ̀rẹ̀, kì í sì í kó oríṣi méjì pọ̀ sójú kan, nítorí bó ti wù kí wọ́n jọra tó lójú, wọn ò ní bá ara wọn bímọ.

Oríṣi mẹ́ta ló wọ́pọ̀ lọ́wọ́ àwọn tó ń sin ìgbín ní Ìwọ̀-Oòrùn Áfíríkà: marginata yìí, Achatina achatina, tí wọ́n fẹ́ràn gan-an ní Gánà, àti Lissachatina fulica, tó ti Ìlà-Oòrùn Áfíríkà wá, tó sì ti fọ́n ká gbogbo ilẹ̀ olóoru. Bí wọ́n ṣe ń yé yàtọ̀ síra gidigidi. Ẹyin 4 sí 18 ni marginata ń yé lẹ́ẹ̀kan, ṣùgbọ́n ẹyin náà tóbi: ó gùn tó mìlímítà 17, ó sì fẹ̀ tó 12. Achatina achatina lè yé láti 30 dé 300, fulica láti 10 dé 400, ẹyin wẹ́wẹ́ sì ni tiwọn. Ẹyin fulica ń pa láàárín ọjọ́ 11 sí 15. Ti marginata ń gba 30 sí 40 ọjọ́.

Ẹni tó ṣẹ̀ṣẹ̀ wọ iṣẹ́ yìí máa ń gbọ́ 300, ojú rẹ̀ á sì kúrò lára 10 ti marginata. Ìṣirò tó ṣìnà nìyẹn. Ọmọ tó jáde látinú ẹyin kékeré kéré, èèpo rẹ̀ rọ̀, èèrà lásán lè gbé e lọ. Ọ̀pọ̀ nínú wọn kì í rí oṣù kejì. Ọmọ marginata ti fẹ́rẹ̀ẹ́ gùn tó ẹyin tó ti jáde, ó lè ha ewé jẹ fúnra rẹ̀ láti ìbẹ̀rẹ̀, ó sì ń fara da àṣìṣe ẹni tó ń tọ́jú rẹ̀. Fún agbo ilé tí kò ní ju àpótí pákó kan tàbí táyà mẹ́ta tí wọ́n tò léra lọ, ẹyin díẹ̀ tó lágbára sàn ju ẹyin rẹpẹtẹ lọ.

Kì í ṣe ìgbà pípẹ́ sẹ́yìn ni ẹ̀kọ́ nípa marginata bẹ̀rẹ̀ sí í wọ inú ìwé. Ní 1978 ni S. S. Ajayi àti àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ tẹ ìwádìí wọn jáde lórí bí ìgbín yìí ṣe ń gbé ayé rẹ̀ àti oore tí ẹran rẹ̀ ń ṣe fún ara ẹni tó jẹ ẹ́. Ṣáájú ìgbà náà, ṣíṣà ni ìgbín, kì í ṣe sísìn: àwọn obìnrin àti ọmọdé á mú fìtílà wọ igbó lẹ́yìn òjò, wọ́n á kó o kún apẹ̀rẹ̀. Bí igbó ṣe ń dín kù ni apẹ̀rẹ̀ náà ń fúyẹ́, ohun tó sì gbé ìgbín wọ ẹ̀yìnkùlé nìyẹn.

Ní ìlú Ìjù-Odò àti káàkiri ilẹ̀ Ìkálẹ̀, òjò ń bẹ̀rẹ̀ ní nǹkan bí oṣù kẹta, ó sì ń rọ̀ títí wọ oṣù kọkànlá, pẹ̀lú ìsinmi díẹ̀ nínú oṣù kẹjọ. Ilẹ̀ ibẹ̀ rẹlẹ̀, àbàtà pọ̀ níbẹ̀, omi sì sún mọ́ ojú ilẹ̀ ní ọ̀pọ̀ ibi. Iyanrìn ló pọ̀ jù nínú erùpẹ̀ rẹ̀, òjò àtayébáyé sì ti fọ ẹfun inú rẹ̀ lọ títí tó fi di ilẹ̀ kíkan. Ọ̀pẹ àti ẹ̀gẹ́ ń ṣe dáadáa lórí irú ilẹ̀ bẹ́ẹ̀. Fún ìgbín, ooru àti ọ̀rinrin ò wọ́n, ìyẹn dára; ṣùgbọ́n omi lè pọ̀ jù, ẹfun sì kéré jù. Ọ̀pọ̀ ìwé ìsìn ìgbín ló ń sọ̀rọ̀ bí ẹni pé ọ̀dá nìkan ni ọ̀tá. Ní Ìkálẹ̀, oṣù kẹfà àti ìkeje ló ń ba ẹyin jẹ́ ju oṣù kìíní lọ, ohun tó sì yẹ kí ẹni tó ń sin ìgbín níbẹ̀ fi sọ́kàn ṣáájú ohun gbogbo nìyẹn.

Ìgbín marginata tó bá rí oúnjẹ jẹ dáadáa ń tó yé láti oṣù kẹsàn-án sí ìkẹwàá ọjọ́ orí rẹ̀. Òru ni wọ́n ń gun ara wọn, ó sì lè pẹ́ fún wákàtí púpọ̀. Ẹni tó bá tan tọ́ọ̀ṣì sí wọn á rí i pé ẹ̀gbẹ́ ọ̀tún orí ni wọ́n ti so mọ́ra, nítòsí ìwo. Ihò kan náà ni ẹyin yóò gbà jáde lọ́jọ́ iwájú. Kò dára kí ẹnikẹ́ni fà wọ́n ya. Fulica lè tọ́jú àtọ̀ tó gbà sínú ara fún oṣù bíi mélòó kan, kó máa yé léraléra láìtún rí ẹnìkejì. Ìdí nìyí tí ìgbín fulica tí ẹnì kan rà ní ẹyọ kan ní ọjà fi lè yé lẹ́yìn tó ti dá wà nínú àpótí fún ìgbà pípẹ́, tí olówó rẹ̀ á sì máa ṣe kàyéfì.

Nígbà tí ọjọ́ yíyé bá kù sí dẹ̀dẹ̀, ìgbín á kọ́kọ́ máa rìn káàkiri, á máa ti ẹnu bọ ilẹ̀ níbí, á ti ẹnu bọ ọ̀hún, bí ẹni tó ń wá nǹkan. Ilẹ̀ ló ń dán wò. Bí erùpẹ̀ bá le jù tàbí tó rin gbindin, yóò fi í sílẹ̀. Bó bá rí èyí tó tẹ́ ẹ lọ́rùn, yóò ti orí àti àyà rẹ̀ wọlé, yóò máa fi ẹran ara rẹ̀ ti erùpẹ̀ sẹ́yìn títí ihò náà á fi jìn tó sẹ̀ǹtímítà mélòó kan, ìkarahun rẹ̀ nìkan ni yóò sì kù sókè bí òkúta tó dá dúró. Yóò wá dúró síbẹ̀. Ẹyin á máa bọ́ lọ́kọ̀ọ̀kan, funfun tàbí pẹ̀lú àwọ̀ ìyeyè díẹ̀, omi yíyọ̀ á bò ó, ìsinmi á sì wà láàárín ọ̀kan àti èkejì. Ilẹ̀ lè mọ́ bá a lẹ́nu rẹ̀. Bó bá parí, yóò fi erùpẹ̀ bo ojú ihò, yóò lọ, kò sì ní bojú wẹ̀yìn mọ́: ìgbín kì í sàba, kì í sì í ṣọ́ ẹyin. Nígbà mìíràn, tí ilẹ̀ kò bá dára tàbí tí àyè há, yóò kàn yé ẹyin sórí ilẹ̀ gbangba. Ẹyin tó bá wà lójú gbangba báyìí jẹ́ ẹ̀sùn tí ìgbín fi kan erùpẹ̀ àpótí, ó sì yẹ kí wọ́n tètè yí erùpẹ̀ náà padà.

Àríyànjiyàn wà láàárín àwọn tó ń sin ìgbín lórí bóyá kí wọ́n hú ẹyin lọ síbòmíràn tàbí kí wọ́n fi í sílẹ̀. Nínú ọgbà tó gbòòrò tí ìgbín kò pọ̀ níbẹ̀, kò sídìí láti fọwọ́ kàn án. Nínú àpótí ilé, ó sàn kí wọ́n kó o kúrò, torí pé ìgbín mìíràn tó bá fẹ́ yé yóò gbẹ́ ibẹ̀, yóò sì fọ́ ẹyin àkọ́kọ́. Àwọn ìgbín tí ebi ẹfun ń pa sì lè jẹ ẹyin gan-an. Ṣíbí ni wọ́n fi ń kó o, kì í ṣe ìka, pẹ̀lú erùpẹ̀ tó yí i ká. Abọ́ oníke tí wọ́n lu ihò sí nídìí ló dára jù láti kó o sí: òkúta wẹ́wẹ́ nísàlẹ̀ kí omi lè rí ọ̀nà jáde, erùpẹ̀ tó jìn tó sẹ̀ǹtímítà 10 lórí rẹ̀, ẹyin nínú erùpẹ̀ náà láìjẹ́ kó jìn jù, ewé ọ̀gẹ̀dẹ̀ gbígbẹ lókè, kí wọ́n sì fi nẹ́ẹ̀tì dé e. Ọjọ́ tí wọ́n kó o síbẹ̀ ni kí wọ́n kọ sára abọ́. Ẹyin ìgbín kò nílò kí ẹnikẹ́ni máa yí i bí ẹni ń yí ẹyin adìyẹ.

Ọwọ́ erùpẹ̀ inú abọ́ ni gbogbo ọ̀ràn wà. Iyanrìn Ìkálẹ̀ nìkan kò tó, kì í di omi mú. Amọ̀ nìkan ń di omi mú jù. Erùpẹ̀ dúdú abẹ́ ọ̀gẹ̀dẹ̀ tàbí abẹ́ obì, tí wọ́n po mọ́ iyanrìn díẹ̀, ló yẹ. Kí wọ́n tó lò ó, wọ́n á yan án nínú agbada lórí iná kó lè pa èèrà àti àwọn kòkòrò kéékèèké tó wà nínú rẹ̀, wọ́n á sì jẹ́ kó tutù dáadáa. Ọ̀nà láti mọ̀ bóyá omi rẹ̀ tó kò ṣòro: kí wọ́n bu ẹ̀kúnwọ́ kan, kí wọ́n fún un. Bó bá dì mọ́ra tí omi kankan kò sì yọ láàárín ìka, ó tó. Bó bá fọ́ká, ó gbẹ; bí omi bá kán, ó pọ̀ jù. Ẹyin tó wà nínú erùpẹ̀ tó rin jù kì í rí èémí gbà, yóò wú, yóò rà, òórùn rẹ̀ á sì kọ́kọ́ jáde kí ojú tó rí i. Ẹyin tó gbẹ yóò rún wọnú. Láti oṣù kẹrin dé ìkẹwàá, abẹ́ òrùlé ni abọ́ ẹyin ń gbé ní Ìjù-Odò, kò gbọ́dọ̀ sí níbi tí ọ̀ṣọ̀ọ̀rọ̀ ti lè kàn án. Nígbà ọyẹ́, wọ́n á máa wọ́n omi sí i láàárọ̀ àti lálẹ́, níwọ̀nba. Ooru 25 sí 30°C ló dára jù fún un, ooru ilé lásán ní ilẹ̀ Ìkálẹ̀ sì sábà máa ń tó bẹ́ẹ̀, kò sídìí láti tan iná sí i.

Ẹfun ṣe pàtàkì tó omi, àwọn ènìyàn kàn ń gbàgbé rẹ̀ ni. Èèpo ẹyin marginata le, ẹfun ló fi ṣe é, ara ìyá sì ni ẹfun náà ti ń wá. Ìgbín tó jẹ ewé nìkan lórí ilẹ̀ kíkan yóò yé ẹyin tí èèpo rẹ̀ fẹ́lẹ́, tàbí kó má yé rárá, ìkarahun tirẹ̀ náà á sì máa bó lẹ́nu. Ewé ìbẹ́pẹ, ìbẹ́pẹ pípọ́n, ewé kókò, èèpo ọ̀gẹ̀dẹ̀: gbogbo rẹ̀ dára, ṣùgbọ́n wọn ò lè dípò ẹfun. Èèpo ẹyin adìyẹ tí wọ́n fọ̀, tí wọ́n sá, tí wọ́n sì lọ̀ kúnná ni ó rọrùn jù láti rí. Ìkarahun ìṣáwùrú tí àwọn ará Ìlàjẹ ń kó wá láti etí òkun sí ọjà náà dára bákan náà, bí wọ́n bá fọ iyọ̀ kúrò lára rẹ̀ pátápátá, torí iyọ̀ ń pa ìgbín. Ó yẹ kí ẹfun yìí wà nínú àpótí lójoojúmọ́, kí ìgbín fúnra rẹ̀ mọ ìgbà tó fẹ́ jẹ ẹ́.

Àwọn ọ̀tá ẹyin kò pọ̀ nílé bíi ti inú igbó, ṣùgbọ́n ìjàlọ wọ ibi gbogbo. Bí wọ́n bá ya wọ inú àpótí lóru, kí ilẹ̀ tó mọ́ wọn á ti jẹ ẹyin, ọmọ àti àgbà tán. Ẹsẹ̀ àpótí ni wọ́n ń gbé sínú agolo tí omi àti òróró tí wọ́n ti lò tán nínú mọ́tò wà. Èkúté ni nẹ́ẹ̀tì líle wà fún. Ewu tí ojú kì í rí ni ti oògùn oko. Oògùn tí wọ́n fi ń pa kòkòrò àti èyí tí wọ́n fi ń gba kòkó lọ́wọ́ àrùn dídú máa ń wà lára ewé àti nínú erùpẹ̀. Bàbà wà nínú púpọ̀ nínú èyí tó jẹ́ ti kòkó, bàbà sì jẹ́ májèlé fún gbogbo ẹ̀yà ìgbín, ti ilẹ̀ àti ti omi. Ewé inú oko kòkó tí wọ́n fín kò yẹ kó dé ọ̀dọ̀ wọn rárá.

Bí ọjọ́ pípa ti ń sún mọ́, èèpo ẹyin á máa fẹ́lẹ́ sí i, torí ọmọ inú rẹ̀ ń fa ẹfun èèpo náà sára láti fi ṣe ìkarahun tirẹ̀. Bí wọ́n bá tan tọ́ọ̀ṣì sẹ́yìn ẹyin kan, òjìji ọmọ á hàn. Lẹ́yìn náà èèpo á sán, ọmọ á yọjú, ìkarahun rẹ̀ á sì ti lọ́ po dé ìwọ̀n tó fi hàn gbangba pé ìgbín ni. Oúnjẹ àkọ́kọ́ rẹ̀ ni èèpo ẹyin tó ti jáde. Ó lè lo bí ọjọ́ márùn-ún sí méje sí i nínú ilẹ̀ kó tó gòkè wá. Àkókò yìí ni ọ̀pọ̀ ènìyàn ń sọ sùúrù nù: ọjọ́ 40 ti pé, wọn ò rí nǹkan kan lókè, wọ́n á bẹ̀rẹ̀ sí í fi ọwọ́ tú erùpẹ̀, wọ́n á sì fọ́ ìkarahun tí kò tíì le. Kò sí iṣẹ́ tó le nínú ìsìn ìgbín tó kí ènìyàn jókòó kó má fọwọ́ kan ẹyin. Bí wọ́n bá ka ọjọ́ 40 láti ọjọ́ tí wọ́n kọ sára abọ́, tí wọ́n sì fi ọ̀sẹ̀ méjì kún un kí wọ́n tó ṣí i wò, wọn ò pàdánù nǹkan kan.

Àwọn ọmọ tó gòkè wá kò gbọ́dọ̀ wọ inú àpótí àwọn àgbà lójú ẹsẹ̀. Abọ́ tiwọn lọ́tọ̀, ewé ìbẹ́pẹ tó rọ̀, ìyẹ̀fun èèpo ẹyin, ọ̀rinrin tó ṣe déédéé. Kí wọ́n má kún jù, torí ibi tí ìgbín bá ti kún, ìdàgbà wọn ń dúró, omi ara wọn á sì ba erùpẹ̀ jẹ́.

Ibì kan wà láyé tí ìṣòro náà yí padà pátápátá. Ní Ìlú Ọba, inú àpótí onígíláàsì ni àwọn ọmọdé ti ń sin fulica bí ẹran ọ̀sìn, kì í ṣe fún jíjẹ, ẹyin rẹ̀ sì pọ̀ ju ohun tí agbo ilé kan lè tọ́jú lọ. Inú fíríìsà ni wọ́n ń kó ẹyin sí fún ọjọ́ kan sí méjì kí wọ́n tó dà á nù, kó má baà pa nínú ààtàn. Ìkìlọ̀ náà kì í ṣe àsọdùn. Ní 1966, ọmọkùnrin kan mú ìgbín mẹ́ta láti Hawaii wọ Miami ní ìpínlẹ̀ Florida, Amẹ́ríkà. Wọ́n tú wọn sílẹ̀ nínú ọgbà, ó sì di 1975 kí ìjọba Florida tó rí ìgbín fulica gbá kúrò nílẹ̀ wọn. Ó tún yọjú ní 2011, ó gbà wọ́n ní ọdún mẹ́wàá gbáko láti pa á run, kí òmíràn tó tún hàn ní 2022. Àwọn ọmọ Yorùbá tó ń gbé ní Amẹ́ríkà yẹ kí wọ́n mọ̀ pé òfin ibẹ̀ kò gbà kí ènìyàn kó ìgbín náà wọlé tàbí kó sìn ín láìgbàṣẹ, ìbáà jẹ́ ẹyin rẹ̀ lásán.

Ìgbín omi ní ìlànà tirẹ̀. Nínú àbàtà àti odò kéékèèké Gúúsù Nàìjíríà, oríṣi méjì tó tóbi ló wọ́pọ̀, Pila àti Lanistes, ẹni tó bá sì kó wọn sínú àpótí gíláàsì pẹ̀lú ẹja gbọ́dọ̀ mọ ìyàtọ̀ wọn. Akọ àti abo yàtọ̀ sí ara wọn nínú àwọn wọ̀nyí, kò dà bíi ti ìgbín ilẹ̀. Pila ní ohun tó fi ń mí nínú omi àti èyí tó fi ń mí lókè; ó ń jáde kúrò nínú omi láti yé, ẹyin rẹ̀ sì ní èèpo ẹfun. Inú omi gan-an ni Lanistes ti ń yé tirẹ̀, wọ́n á so pọ̀ nínú ohun rírọ̀ tó mọ́ gaara, wọ́n á lẹ̀ mọ́ ewé tàbí ògiri gíláàsì. Bí omi bá kún dé ọmọrí, Pila kò ní rí ibi yé, ẹyin tó bá sì ti yé sókè yóò rì, yóò kú. Bí ẹnì kan bá tún rò pé òun ń ran Lanistes lọ́wọ́, tó gbé ẹyin rẹ̀ sókè sí afẹ́fẹ́, yóò gbẹ kí ọjọ́ tó pé. Ìka mẹ́rin àyè láàárín omi àti ọmọrí ń tẹ́ àwọn méjèèjì lọ́rùn.

Pomacea, ìbátan Pila láti Gúúsù Amẹ́ríkà, ló gbajúmọ̀ jù lọ́wọ́ àwọn tó ń sin ẹja kárí ayé. Òkè omi ni òun náà ń yé sí. Nígbà tó ya wọ oko ìrẹsì ní ẹnu odò Ebro ní Sípéènì, àjọ ìṣọ̀kan Yúróòpù fòfin dè é ní 2012. Kékeré kan tún wà, Melanoides tuberculata, tó wà nínú omi wa pẹ̀lú: abo rẹ̀ kò nílò akọ, kì í sì í yé ẹyin síta, ọmọ ààyè ló ń bí. Ẹyọ kan tó bá fara pamọ́ sínú iyanrìn ti tó láti kún gbogbo àpótí.

Omi òjò tí àwọn ará Ìkálẹ̀ ń gbè kò ní ẹfun nínú, ìkarahun ìgbín omi á sì máa jẹrà nínú rẹ̀ bí wọn kò bá ju ìkarahun tó mọ́ tàbí òkúta ẹfun díẹ̀ sínú àpótí. Omi ẹ̀rọ tí wọ́n fi kẹ́míkà sí ní láti sùn nínú garawa kí wọ́n tó dà á sí i. Oògùn ẹja tó ní bàbà nínú sì ń pa ìgbín àti ẹyin rẹ̀ pọ̀.

Ìgbín kéékèèké tí wọ́n ń pè ní Bulinus náà ń yé sábẹ́ ewé inú omi, ẹyin rẹ̀ sì lè bá koríko odò wọ inú àpótí láìjẹ́ pé ẹnikẹ́ni rí i. Òun ni kòkòrò àtọ̀sí ajá ń gbé inú rẹ̀ kó tó wọ awọ ara ènìyàn, àrùn náà sì ti hàn nínú àwọn ìlú kan ní ìpínlẹ̀ Oǹdó. Ẹyin rẹ̀ tó bá ṣẹ̀ṣẹ̀ pa kò tíì ní kòkòrò náà. Ìgbín tó ti gbé odò tí àwọn ènìyàn ń tọ̀ sí ló ní in. Nítorí náà, inú àpótí tí wọ́n ti mú ẹyin pa ni ó yẹ kí ìran ìgbín omi tí wọ́n fẹ́ tọ́jú ti bẹ̀rẹ̀, kí wọ́n fọ koríko odò dáadáa, kí wọ́n wo abẹ́ ewé kọ̀ọ̀kan, kí wọ́n sì wọ ìbọ̀wọ́ oníke tó gùn dé ìgbọ̀nwọ́ nígbàkigbà tí wọ́n bá ń ti ọwọ́ bọ omi tí ìgbín odò wà nínú rẹ̀. Orí ilẹ̀ gbígbẹ tí oòrùn ń pa ni wọ́n ń da omi àpótí nù sí, kì í ṣe inú gọ́tà tó ń ṣàn lọ sódò.